Bàtà Kọkàndínlógún

Ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Pearland, bí ẹ bá fẹ́ mọ iye ènìyàn tó wà nínú ilé, bàtà lẹ ó kà. A kì í ka orí ọmọ ènìyàn bí ẹni ka ewúrẹ́. Gbogbo wa la máa ń bọ́ bàtà sínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ kékeré tó wà láàárín ilẹ̀kùn òde àti ilẹ̀kùn inú, ká tó wọlé lẹ́sẹ̀ lásán pẹ̀lú sùtánà funfun. Nígbà tí Wòlíì Ọládọ̀tun bá fẹ́ pín búrẹ́dì tàbí àbẹ́là, wọ́n á jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n á ka bàtà ní méjì méjì, wọ́n á sì padà wọlé pẹ̀lú iye tó pé. Takisí ni Wòlíì ń wà láàárín ọ̀sẹ̀. Wọn kì í ṣi ọ̀nà, wọn kì í sì í ṣi bàtà kà.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí ìjì Alicia dé, ó dà bí ẹni pé wọ́n ṣì í kà. Gbogbo wa ti gba àbẹ́là tán, ọ̀kan ṣẹ́kù lọ́wọ́ wọn, kò sì sí ẹni tó na ọwọ́ mọ́.

Kí n tó lọ jìnnà, ẹ jẹ́ kí n sọ ẹni tí mo jẹ́. Bùkọ́lá ni mí. Nọ́ọ̀sì ni mí báyìí, ṣùgbọ́n lọ́dún 1983 yẹn, ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì ni mo ṣì ń kọ́, mo sì ń bá wọn tọ́jú àwọn arúgbó nílé ìtọ́jú kan. Ẹ má bínú bí mo bá ń sáré sọ̀rọ̀. Ìyá mi máa ń sọ pé ẹnu mi ti ń sáré kí ẹsẹ̀ mi tó mọ ìrìn. Bí nǹkan bá dùn mọ́ mi, àyà mi á máa lù kìkì. Bó bá bà mí lẹ́rù, bákan náà ni. Ọdún márùn-ún gbáko ni mo fi pa ọ̀rọ̀ yìí mọ́ sínú, àárọ̀ òní ló wá tú. Ẹ̀yìn ìwé ilé ìwòsàn ni mò ń kọ ọ́ sí, nínú mọ́tò mi.

Oyún oṣù márùn-ún ló wà nínú mi nígbà náà. Lékè ọkọ mi ń kàwé ẹnjiníà, ọdún tó kẹ́yìn ló wà. Ó tún ń ṣe iṣẹ́ síkíọ́rítì ní ilé ìkẹ́rùsí kan létí òkun ní Galveston. Mo máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́, màá ní, "Ẹnjiníà ọdẹ, ẹ kú ìṣọ́ o!" Òun náà á ní, "Madam Nọ́ọ̀sì, ṣé àwọn ọkọ yín arúgbó ti jẹun?" Bí a ṣe ń gbé nìyẹn. Ayé dùn fún wa.

Láti ọjọ́ Tuesday ni gbogbo Houston ti ń pe orúkọ kan ṣoṣo. Alicia. Àwọn Òyìnbó máa ń sọ ìjì lórúkọ bí ẹni sọmọ. Tẹlifíṣọ̀n ń fi í hàn wá, funfun báláú, ó ń yí po lójú òkun bí ògì tí wọ́n ń rò lórí iná. Àwọn ènìyàn ń kan pákó mọ́ fèrèsé, wọ́n ń tò fún bátìrì àti omi inú jálá. Kí n má purọ́ fún yín, inú mi ń dùn. Mi ò rí irú rẹ̀ rí. Mo ń sáré láti tẹlifíṣọ̀n lọ sójú fèrèsé, mo ń wo ojú ọ̀run bí ọmọdé tó ń retí ìyá rẹ̀ láti ọjà.

Ọ̀sán Wednesday ni Lékè ń múra ibiṣẹ́.

Mo ní, "Lékè, call in sick jàre. Ṣé ìwọ nìkan ni wọ́n gbà síṣẹ́ ni?"

Ó ní, "Ẹni tí mo fẹ́ gbaṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ti ń dúró dè mí. Before the thing reach land, I don commot. Ìwọ lọ sí church, bí mo bá ti close, ibẹ̀ ni màá ti wá gbé ẹ."

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ láti de bàtà rẹ̀, okùn bàtà ọ̀tún já. Bàtà aláwọ̀ ilẹ̀ ni, kò sì sí irú okùn rẹ̀ nílé. Mo fa okùn funfun kan yọ lára bàtà iṣẹ́ mi, mo kúnlẹ̀, mo fi de bàtà náà fún un, ikùn mi ń dí mi lọ́wọ́. Bàtà òsì ní okùn dúdú, ti ọ̀tún ní okùn funfun. Ó wò ó, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó ní bàtà òun ti di ọmọ ìjọ aládùúrà.

"Okùn mi o!" ni mo kígbe tẹ̀ lé e nígbà tó ń wọ mọ́tò. "Mo fẹ́ ẹ padà!"

Ọ̀rọ̀ tí mo fi sin ọkọ mi nìyẹn. Mi ò sọ pé kí Ọlọ́run ṣọ́ ọ. Okùn mi ni mo béèrè.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, a pé sí ṣọ́ọ̀ṣì, nítorí ilé bíríkì ni, ó sì lágbára ju àwọn apartment wa lọ. Wòlíì ka bàtà, ó jẹ́ ti ènìyàn méjìdínlógún. Ẹni tó dàgbà jù láàárín wa ni Màmá Ọmọ́yẹni. Ìlàjẹ ni wọ́n, etí òkun ni wọ́n bí wọn sí, wọ́n sì wá láti bá Ọmọ́yẹni ọmọ wọn tọ́jú ọmọ tuntun. Wọn kì í pọ̀ lọ́rọ̀. Lọ́jọ́ náà, gbogbo wa ń kọjú sí pẹpẹ, àwọn nìkan ló gbé àga wọn kọjú sí ìhà gúúsù, níbi tí Galveston wà.

Mo béèrè pé, "Màmá, kí lẹ̀ ń wò?"

Wọ́n ní, "Òkun ti dìde, ọmọ mi. Ó ń wá ẹni tó máa rán níṣẹ́."

Mo rẹ́rìn-ín. Mo rò pé ọ̀rọ̀ àgbà ni.

Agogo mẹ́wàá kọjá, Lékè kò dé. Fóònù ti kú. Wòlíì fi orúkọ rẹ̀ síwájú, wọ́n ní, "Orúkọ yìí, a ò ní gbé e sílẹ̀ títí a ó fi fojú rí ẹni tó ni ín." Wákàtí kọ̀ọ̀kan la fi ń pe é. Afẹ́fẹ́ ń hu lóde bí ọkọ̀ ojú irin tí kò lópin, òrùlé ń mì, omi ń gba abẹ́ ilẹ̀kùn wọlé. A ń kọrin, a ń patẹ́wọ́. Mo ń sunkún, mo ń jó, mi ò mọ èyí tí mò ń ṣe. Títí ilẹ̀ fi ń mọ́ ni a kò gbé orúkọ náà sílẹ̀.

Ìgbà náà ni Wòlíì ní kí olúkúlùkù tan àbẹ́là tuntun fún àdúrà òwúrọ̀. Wọ́n jáde lọ ka bàtà, wọ́n wọlé, wọ́n pín àbẹ́là, ọ̀kan sì ṣẹ́kù. Wọ́n wò ó lọ́wọ́ wọn. Wọ́n tún jáde. Nígbà tí wọ́n padà, ohùn wọn ti lọ sílẹ̀.

"Bàtà ènìyàn mọ́kàndínlógún ló wà níta. Ta ló wọlé?"

Mi ò jẹ́ kí wọ́n sọ ọ́ tán. Mo gbé àbẹ́là mi sílẹ̀, mo sáré wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ní ìparí ìlà, ó wà níbẹ̀, bàtà aláwọ̀ ilẹ̀, okùn dúdú lápá òsì, okùn funfun lápá ọ̀tún. Omi kún inú rẹ̀. Yanrìn wà lára rẹ̀, ó sì ń rùn bí iyọ̀ àti ẹja.

Igbe tí mo ké, àwọn tó wà ní inú gbọ́ ọ ju ìjì lọ. "Ó ti dé! Lékè ti dé!" Mo gbá bàtà náà mọ́ àyà mi, omi rẹ̀ ń ṣàn sí sùtánà mi, mo sì gbé e wọ inú ilé àdúrà. Bàtà kò wọ ibẹ̀ rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti ya ilé náà sí mímọ́, ṣùgbọ́n ta ló rántí? Ìdùnnú ti gba gbogbo ilé. Wòlíì gbọn agogo ọwọ́ wọn, wọ́n ní, "Ó parí! A ti rí i! Ẹ jẹ́ ká dúpẹ́!" A gbé orúkọ Lékè kúrò nínú àdúrà, a gbé orin ọpẹ́. Mo jó, ẹ̀yin èèyàn mi. Oyún ń jó nínú mi, èmi náà ń jó lóde.

Ẹnì kan fa sùtánà mi. Màmá Ọmọ́yẹni ni. Ojú wọn kò rẹ́rìn-ín.

Wọ́n ní, "Bùkọ́lá. Bàtà lo rí. Ẹsẹ̀ dà?"

Ọ̀rọ̀ náà bọ́ sórí mi bí omi tútù. Mo wo apá ọ̀dọ̀ àwọn ọkùnrin. Mo wo gbogbo ojú. Lékè kò sí níbẹ̀. Orin ń kú lẹ́nu àwọn ènìyàn lọ́kọ̀ọ̀kan, bí olúkúlùkù ṣe ń wo ẹni ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Bí orin ṣe dákẹ́, afẹ́fẹ́ lóde náà dákẹ́, lẹ́ẹ̀kan náà. A ń gbọ́ bí ìda àbẹ́là ṣe ń kán sílẹ̀.

Nígbà náà ni mo rí i, níbi igun tó sún mọ́ fèrèsé. Ó wọ sùtánà bíi tiwa, ó funfun ju tiwa lọ, kò sì ní àbẹ́là lọ́wọ́. Mi ò lè sọ fún yín bí ojú rẹ̀ ṣe rí. Bí mo bá wò ó, á dà bí ẹnì kan tí mo mọ̀ dáadáa, tí orúkọ rẹ̀ kò wá sí mi lẹ́nu. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni mo rántí. Ó jọ̀lọ̀, kò ní ìlà, kò ní àpá kankan, bí ẹsẹ̀ ọmọ tuntun tí kò tíì tẹ ilẹ̀ rí. Omi ń sun jáde yí i ká.

Ó ní, "Ẹ kú àdúrà." Ohùn jẹ́jẹ́, ohùn ọmọlúwàbí.

Wòlíì gbọn agogo sí i lójú. "Ẹ̀jẹ̀ Jésù!"

"Àmín," ni ọkùnrin náà dáhùn. Ó yíjú sí mi. "Bàtà tó wà lọ́wọ́ rẹ, mo yá a ni. Mo fẹ́ lọ dá a padà."

Mo ní, "Ta lẹ yá a lọ́wọ́ rẹ̀? Níbo ló wà?"

"Ọkọ rẹ. Omi ti dé àyà rẹ̀ nígbà tí mo fi í sílẹ̀. Ó bẹ̀ mí kí n wá wò bóyá ìyàwó òun wà láàyè. Mo ní mi ò lè rin orí ilẹ̀ láì wọ bàtà, ló bá bọ́ tirẹ̀ fún mi. Mo ṣèlérí pé bí mo bá ti dá a padà, màá gbé e jáde." Ó gbé etí sókè díẹ̀, bí ẹni tó ń gbọ́ ìró mọ́tò tó ń bọ̀. "Àárín ìjì ló wà lórí yín báyìí, afẹ́fẹ́ máa tó yí padà. Kó tó yí, mo gbọ́dọ̀ ti dé ọ̀dọ̀ rẹ̀."

Mi ò fẹ́ fi bàtà náà sílẹ̀. Ẹ ronú sí i. Òun nìkan ni ohun tó kù fún mi nínú ọkọ mi, ó wà lọ́wọ́ mi, ó wúwo, ó tutù, òórùn ẹsẹ̀ rẹ̀ wà níbẹ̀ lábẹ́ òórùn iyọ̀. Kí n wá gbé e fún ẹni tí mi ò mọ̀? Bó bá jẹ́ irọ́ ló ń pa ńkọ́?

Màmá Ọmọ́yẹni dìde, wọ́n wá dúró tì mí, wọ́n sì sọ ọ́ sí mi létí. "Fún un. Mo mọ irú wọn. Wọn kì í purọ́, wọn kì í sì í gbà gbé. Àmọ́ o, odidi ni kó o fún un. Bó ṣe gbà á lọ́wọ́ ọkọ rẹ gẹ́lẹ́. Má yọ ohunkóhun kúrò lára rẹ̀."

Mo gbọ́. Mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ pé mo gbọ́ wọn. Mo tẹrí ba bí ẹni tó ń fi ẹnu ko bàtà náà lẹ́nu fún ìgbà ìkẹyìn, lábẹ́ apá sùtánà mi ni mo sì ti tú okùn funfun, mo fà á yọ, mo ká a sínú àtẹ́lẹwọ́. Mo sọ fún ara mi pé tèmi ni, pé mo ti sọ fún Lékè pé mo fẹ́ ẹ padà. Mo fẹ́ kí nǹkan kan kù lọ́wọ́ mi. Kò sí ẹni tó rí mi.

Ọkùnrin náà gba bàtà. Ó wo ti ọ̀tún. Ó wò mí. Ó wọ̀ wọ́n, ó sì jáde, bàtà òsì kò dún, ti ọ̀tún ń gbá ilẹ̀ nítorí kò sí ohun tó dè é. Ṣàpà. Ṣàpà. Ṣàpà. A ṣí ilẹ̀kùn wò ó. Ojú ọ̀run pọ́n bí epo, àwọn ẹyẹ òkun jókòó sójú títì bí adìẹ, wọn kò lè fò. Ó gba àárín wọn kọjá lọ sí ìhà gúúsù, kò sì yára. Bí a ṣe pa ilẹ̀kùn dé, afẹ́fẹ́ padà wá láti ìhà kejì, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ ká òrùlé lọ. Wòlíì dojú bolẹ̀, wọ́n gbé orúkọ Lékè padà sínú àdúrà. Wọ́n ń sunkún bí wọ́n ṣe ń pè é.

Ọ̀sán Friday ni ọkọ̀ ológun kan gbé ọkọ mi wá sílé. Ó wà láàyè! Ojú rẹ̀ wú, ètè rẹ̀ bó, ó sì wà láàyè. Mo dì mọ́ ọn títí àwọn sójà fi ń rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni mo wo ilẹ̀. Bàtà kan ló wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ti òsì, okùn dúdú. Ẹsẹ̀ ọ̀tún wà lásán. Mo fọwọ́ kàn án, ó tutù bí ẹja inú fìríìsà. Kò mọ̀ pé mo fọwọ́ kàn án.

Ó ròyìn fún mi ní ohùn kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́, nítorí kò fẹ́ kí àwọn èèyàn rò pé orí òun ti dàrú. Ẹni tó yẹ kó wá gbaṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ kò yọjú. Nígbà tó fi máa gbéra, omi ti bo mọ́tò rẹ̀. Ó di òpó ilé ìkẹ́rùsí mú títí ilẹ̀ fi fẹ́ mọ́. Ìgbà náà ni ẹnì kan rin orí omi wá bá a, bí ẹni tó ń rìn nínú pálọ̀ rẹ̀. Ohun tí àjèjì yẹn sọ fún wa ni Lékè náà sọ, kò yàtọ̀. Nígbà tó padà, ó wọ bàtà méjèèjì sí Lékè lẹ́sẹ̀. Ti òsì dè. Ti ọ̀tún kò dè, ó bọ́, omi gbé e lọ.

"Mo bi í pé okùn mi dà," ni Lékè wí. "Ó ní, 'Ibi tí okùn kò bá dè, omi ló ni ín.' Ó ní òun máa wá gbà á lọ́wọ́ ẹni tó mú un. Bùkọ́lá, do you understand it?"

Mo ní, "Rárá o."

Rárá o. Irọ́ ọdún márùn-ún nìyẹn. Àwọn dókítà Medical Center yẹ ẹsẹ̀ náà wò, wọ́n yà á ní fọ́tò, wọ́n gún un lábẹ́rẹ́. Wọn ò rí àìsàn kankan. Ẹsẹ̀ náà kàn kú ni, láì jẹrà. Lékè gboyè ẹnjiníà pẹ̀lú ọ̀pá lọ́wọ́. Olúwabùnmi ọmọ wa, tí mo bí ní December, kò rí bàbá rẹ̀ kó sáré rí. Màmá Ọmọ́yẹni padà sílé. Lọ́jọ́ tí wọ́n fẹ́ wọ ọkọ̀ òfurufú, wọ́n kàn di ọwọ́ mi mú, wọ́n wò mí lójú, wọ́n ní, "Nígbà tó bá wá, má jà á níyàn." Wọ́n ti mọ̀. Okùn funfun náà wà nínú Bíbélì mi, mi ò lè jù ú nù, mi ò sì lè jẹ́wọ́.

Ó wá ku ti àárọ̀ òní.

Láti ọjọ́ Tuesday ni tẹlifíṣọ̀n tún ti ń pe orúkọ mìíràn, Gilbert. Wọ́n ní ó tóbi ju Alicia lọ, wọn ò mọ ibi tó máa yà sí. Àwọn ènìyàn tún ń kan pákó. Mo jí láàárọ̀, mo gbé Bíbélì mi, omi sì ń kán láti inú rẹ̀. Okùn tó ti gbẹ fún ọdún márùn-ún ló ń ṣomi bí ẹni pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fà á jáde láti inú òkun. Ẹ̀rù kò bà mí. Ara mi gbóná, àyà mi ń lù, inú mi ń dùn bíi ti ọmọdé. Mo mọ̀ pé ó ti dé.

Nílé wa náà, ẹnu ọ̀nà la ti ń bọ́ bàtà. Mo sáré ṣílẹ̀kùn. Ní ẹ̀gbẹ́ bàtà iṣẹ́ mi ni bàtà ọ̀tún aláwọ̀ ilẹ̀ kan wà, ó ti gbó, yanrìn kún inú rẹ̀, kò sì ní okùn. Mo kúnlẹ̀. Mo ti okùn náà bọ ihò rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, mo ń sọ pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà á, ẹ jọ̀ọ́, mo dá a padà." Bí mo ṣe so ó tán, Lékè kígbe láti yàrá.

"Bùkọ́lá! Ẹsẹ̀ mi! Ẹsẹ̀ mi ń yún mi!"

Ẹ̀yin èèyàn! Mo fò wọlé. Ó jókòó sétí bẹ́ẹ̀dì, ó ń họ ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín, omi ń dà lójú rẹ̀. Mo fọwọ́ kàn án, ó gbóná! Mo ṣubú lé e lẹ́sẹ̀, mo jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀, okùn, irọ́, Bíbélì. Ó wò mí títí. Ó ní, "Nítorí okùn bàtà?" Ó gbé mi dìde, ó ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ní kí n jẹ́ kí òun kọ́kọ́ rìn ná, kí òun tó mọ̀ bóyá òun á bínú.

Ìgbà yẹn ni Bùnmi wọlé. Lẹ́sẹ̀ lásán.

Ó ní, "Mommy, the man said thank you."

Mo ní, "Which man?"

"The man tó mú bàtà Daddy wá. He had no shoes on. Ó ní kí n yá òun ní tèmi, he has to go see somebody. So mo fún un."

Ẹ̀rín Lékè dúró. Mi ò rántí bí mo ṣe dé ọ̀dọ̀ ọmọ náà. Bàtà aláwọ̀ pupa rẹ̀ ló fún un, èyí tí mo rà fún un ní mall lọ́sẹ̀ tó kọjá, nítorí ó ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń de okùn.

Mo sọ ọ́ jẹ́jẹ́. "Bùnmi. Ṣé o fún un ní gbogbo ẹ̀?"

Ó ṣí àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Okùn bàtà pupa kan wà níbẹ̀, tó ti ká mọ́ra.

"I kept one. I'm still practicing. He asked me for it, but mo ní it's mine."

Kí n tó fọwọ́ kan ẹsẹ̀ òsì rẹ̀ ni mo ti mọ̀. Ó ti ń tutù. Kò tíì kú, ó ń tutù ni, láti ọmọ ìka sókè. Mo gba okùn lọ́wọ́ rẹ̀, ó sunkún. Mo gbé e lé bàbá rẹ̀ lọ́wọ́, mo ní kó má jẹ́ kí ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ilẹ̀ títí màá fi dé. Mo jáde. Ilẹ̀ gbẹ níwájú ilé wa, àmọ́ ipasẹ̀ omi wà lójú títì, ó kọjú sí gúúsù.

Galveston ni mo wà báyìí, mo páàkì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri gíga tí wọ́n mọ sétí òkun. Ọlọ́pàá kan ti wá bá mi lẹ́ẹ̀mejì, "Ma'am, you need to go home." Mo rẹ́rìn-ín fún un, mo ní ọkọ mi ni mò ń dúró dè. Ìgbì ń ga sí i. Mo ti ń kọ èyí bí wákàtí mẹ́ta, okùn pupa náà wà lórí itan mi, ó ti ń rin. Bí mi ò bá padà, kí ẹni tó bá rí ìwé yìí gbé e lọ sí Pearland fún Wòlíì Ọládọ̀tun, kí wọ́n pe orúkọ Olúwabùnmi, kí wọ́n má sì gbé e sílẹ̀ nítorí pé wọ́n rí bàtà.

Afẹ́fẹ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ dákẹ́. Ẹ gbọ́. Lẹ́yìn ògiri, ní ìsàlẹ̀, nínú omi tí kò sí ẹni tó lè rìn níbẹ̀. Ẹsẹ̀ kan kò dún. Èkejì ń gbá ilẹ̀.

Ṣàpà. Ṣàpà.

Mo ti ṣílẹ̀kùn mọ́tò. Okùn wà lọ́wọ́ mi. Mo ti tú ọwọ́ mi méjèèjì wò, mi ò fi nǹkan kan pamọ́. Lọ́tẹ̀ yìí, odidi ni màá dá a padà.